Ẹ má pa á: ìtàn Dan Walsh, ọkùnrin tó ń ṣọ́ ilẹ̀kùn container

1.
Ní 2021, mo tẹ ọ̀rọ̀ kan sórí server iléeṣẹ́ tí mo ti ń ṣiṣẹ́ l'Ékòó: setenforce 0.

Ohun tó ti kọ̀ tí kò ṣiṣẹ́ láti àárọ̀ kàn dìde lẹ́ẹ̀kan náà. Ọ̀gá mi ní, "Ọmọ, o gbọ́n o!" Inú mi dùn délé.

Oṣù mẹ́ta lẹ́yìn ẹ̀, ohun tí mo tẹ̀ yẹn fẹ́rẹ̀ẹ́ gba iṣẹ́ lọ́wọ́ mi. Ẹ fara balẹ̀, mo ní ìtàn kan láti sọ. Ó gùn díẹ̀ o, ẹ wá ẹ̀pà sẹ́nu.

2.
Ìtàn yẹn kì í ṣe tèmi. Tèmi kàn wọ inú ẹ̀ ni. Ìtàn ọkùnrin ará Amẹ́ríkà kan tó ń jẹ́ Dan Walsh ni. Iṣẹ́ ààbò kọ̀ǹpútà ló ń ṣe. Ọ̀pọ̀ ọdún ló fi bẹ àwa tá à ń tọ́jú server ní ẹ̀bẹ̀ kan ṣoṣo: ẹ jọ̀ọ́, ẹ má tẹ setenforce 0. Ẹ má pa á.

Kí ni wọ́n ní ká má pa? A máa débẹ̀.

3.
Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ sọ ohun tó ń jẹ́ container, torí kì í ṣe gbogbo wa la wà nídìí iṣẹ́ yìí.

Ẹ mọ ilé face-me-I-face-you. Yàrá márùn-ún lápá ọ̀tún, márùn-ún lápá òsì, ọ̀dẹ̀dẹ̀ wà láàárín. Oníkálukú ló ní kọ́kọ́rọ́ yàrá tiẹ̀. Ṣùgbọ́n ilé ìdáná kan ló wà, balùwẹ̀ kan, kànga kan, mítà iná kan.

4.
Ohun tí container jẹ́ nìyẹn. Server ni ilé náà. Áàpù kọ̀ọ̀kan wà nínú yàrá tiẹ̀, ó rò pé òun nìkan ló wà láyé. Àmọ́ gbogbo wọn ló jọ ń lo kernel kan náà. Kernel ni ọkàn Linux: òun ló ń pín mẹ́mórì, òun ló ń ṣí fáìlì, òun ló ń bá íntánẹ́ẹ̀tì sọ̀rọ̀.

5.
Virtual machine ni self-contain. Ó ní ilé ìdáná tiẹ̀, ó ní balùwẹ̀ tiẹ̀. Ìyẹn ni pé ó ní kernel tiẹ̀. Ṣùgbọ́n owó ẹ̀ wọ́n, ó sì máa ń pẹ́ kó tó dìde. Container ò gba àyè púpọ̀, kí ẹ tó ṣẹ́jú ó ti dìde. Ìdí nìyẹn tí àwọn oní-cloud fi fẹ́ràn ẹ̀.

Àmọ́ gbogbo ẹni tó ti gbé face-me-I-face-you rí mọ ibi tí wàhálà wà. Tí ará yàrá kẹta bá jẹ́ olè ńkọ́?

6.
Ẹ má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni sọ fún yín pé Docker ló dá container sílẹ̀. Ọ̀rọ̀ náà ti pẹ́.

Ní 1979, Unix Version 7 ti ní chroot, tó ń jẹ́ kí ètò kan rò pé fódà kan ṣoṣo ni gbogbo ayé. Ní 2000, FreeBSD gbé jail jáde, ògiri yẹn wá nípọn sí i. Ní 2006, ẹnjiníà méjì ní Google, Paul Menage àti Rohit Seth, bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ lórí ohun tó padà di cgroups, tó ń díwọ̀n iye mẹ́mórì àti agbára tí ètò kọ̀ọ̀kan lè jẹ. Ó wọ Linux 2.6.24 ní January 2008. Ọdún yẹn náà ni LXC jáde.

7.
Níbo ni Dan Walsh wà ní gbogbo àsìkò yìí?

Ìṣirò ló kọ́kọ́ kà, ní College of the Holy Cross. Ó wá gba master's nínú ìmọ̀ kọ̀ǹpútà ní Worcester Polytechnic Institute. Ìlú kan náà ni iléèwé méjèèjì wà, Worcester ní Massachusetts. Lẹ́yìn náà ó ṣiṣẹ́ ní Digital Equipment Corporation, iléeṣẹ́ kọ̀ǹpútà ńlá ayé ìgbà yẹn. Ó ṣiṣẹ́ níbẹ̀ lórí Project Athena, àti lórí firewall àti VPN tí wọ́n fi orúkọ AltaVista tà.

8.
Ó tún lọ sí Netect, níbi tí wọ́n ti ń ṣe software tó máa ń wá ihò lára kọ̀ǹpútà oníbàárà kí olè tó rí i. Ní August 2001, ó wọ Red Hat.

Ẹ wo ọ̀nà yẹn dáadáa. Firewall ni ògiri. Iṣẹ́ Netect ni kí wọ́n wá ibi tí ògiri ti lanu. Àwọn àgbà ní bí ògiri ò bá lanu, aláǹgbá ò lè wọ ibẹ̀. Ẹni tó bá ti ṣe irú iṣẹ́ yẹn á ti mọ̀ pé ọjọ́ kan á jọ́kan, ògiri á lanu. Ìbéèrè tó kù ni pé: tí aláǹgbá bá wọlé tán, kí ló lè ṣe?

9.
Ìdáhùn kan ti wà nílẹ̀ kó tó dé Red Hat. Ní December 2000, NSA, ìyẹn iléeṣẹ́ ìjọba Amẹ́ríkà tó ń tẹ́tí sí ọ̀rọ̀ ayé, gbé ohun kan tí wọ́n ń pè ní SELinux síta fún gbogbo ènìyàn.

Bẹ́ẹ̀ ni, NSA yẹn gan-an. Mo mọ̀ pé ojú yín ti yí padà. Ṣùgbọ́n kóòdù ẹ̀ wà ní gbangba, ẹnikẹ́ni lè kà á láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin. Ní 2003 ó wọ inú kernel Linux fúnra ẹ̀.

10.
Kí SELinux tó dé, òfin Linux ò le: ẹni tó ni fáìlì ló máa sọ ẹni tó lè kà á. Ọ̀gá pátápátá kan wà lórí gbogbo wọn, root ni wọ́n ń pè é. Kò sí ilẹ̀kùn tí root ò lè ṣí. Bí olè bá ti fi ọgbọ́n di root, ọ̀rọ̀ ti parí nìyẹn.

SELinux ní rárá. Ó ní ohun kan gbọ́dọ̀ wà tí root náà á tẹríba fún.

11.
Ẹ ronú òde ìgbéyàwó. Ìdílé ìyàwó wọ léèsì àlùkò, ìdílé ọkọ wọ ańkárá búlúù. Wọ́n ti sọ fún àwọn tó ń pín oúnjẹ: tábìlì àlùkò ni àmàlà ń lọ, tábìlì búlúù ni jọ̀lọ́ọ̀fù ń lọ. Wọn ò béèrè orúkọ ẹ. Wọn ò béèrè iye tó wà nínú àpò ẹ. Aṣọ ni wọ́n ń wò. Kódà kó o jẹ́ ọ̀gá ńlá, tó ò bá wọ aṣọ ẹbí, o máa jókòó máa wo ẹnu àwọn tó ń jẹun.

12.
Ohun tí SELinux ń ṣe nìyẹn. Ó ń wọ aṣọ fún gbogbo ètò àti gbogbo fáìlì. Label ni wọ́n ń pe aṣọ yẹn. Kernel á wo label ètò, á wo label fáìlì, á wá yẹ òfin wò. Tí òfin ò bá sọ pé aṣọ yìí lè fọwọ́ kan aṣọ yẹn, ó tán. Root ni ẹ́ o, root kọ́ ni ẹ́ o, kò kàn án.

13.
Ó dára létí, àbí? Iṣẹ́ Walsh ní Red Hat ni pé kó mú un kúrò létí wá sórí kọ̀ǹpútà ènìyàn gidi. Òun ló ṣáájú iṣẹ́ SELinux níbẹ̀, pàápàá òfin tí áàpù kọ̀ọ̀kan máa tẹ̀ lé.

Ibẹ̀ ni ojú ti là. Nígbà tí wọ́n ń dán Fedora Core 2 wò, wọ́n ti òfin tó le gan-an mọ́ gbogbo nǹkan. Wàhálà bẹ́ sílẹ̀. Áàpù tó ti ń ṣiṣẹ́ láti ọdún pípẹ́ dákẹ́. Nígbà tí Fedora Core 2 wá jáde ní May 2004, SELinux wà nínú ẹ̀, ṣùgbọ́n pípa ni wọ́n pa á.

14.
Wọ́n wá ronú pìwà dà. Dípò kí wọ́n máa ṣọ́ gbogbo ohun tó ń mí lórí kọ̀ǹpútà, wọ́n mú àwọn ètò tó ń kojú íntánẹ́ẹ̀tì nìkan, wọ́n kọ òfin fún ìyẹn, wọ́n fi àwọn yòókù sílẹ̀. Targeted policy ni wọ́n pè é. Ó jáde pẹ̀lú Fedora Core 3 ní November 2004, lọ́tẹ̀ yìí títan ni wọ́n tàn án. Ní February 2005 ó bá Red Hat Enterprise Linux 4 wọ ilé àwọn báńkì àti iléeṣẹ́ ńlá.

Ohun tó wú mi lórí jù nínú ìtàn yìí nìyẹn. Ààbò tó pé pérépéré tí gbogbo ènìyàn pa, kò sàn ju ààbò tó mọ níwọ̀n tí wọ́n fi sílẹ̀ kó máa ṣiṣẹ́.

15.
Síbẹ̀ náà, àwa ọmọ aráyé ṣì ń pa á. Ẹ lọ wo tutorial lórí YouTube: "Tó bá ń fún ẹ ní wàhálà, disable SELinux." Kò sẹ́ni tó ń sọ ìdí. Ó wá di àṣà.

Walsh ò bínú kúrò níbẹ̀. Ó ń kọ bulọ́ọ̀gù lórí LiveJournal, ó ń ṣàlàyé àṣìṣe kọ̀ọ̀kan tí SELinux máa ń kọ jáde. Wọ́n ṣe setroubleshoot, irinṣẹ́ tó ń tú èdè líle inú log sí ọ̀rọ̀ tí ènìyàn lè gbọ́: ohun tí wọ́n dènà rèé, ohun tó o lè ṣe rèé.

16.
Òun àti Máirín Duffy, tó jẹ́ ayàwòrán ní Red Hat, tún ṣe ìwé tí ọmọdé lè fi kírésì kùn. Mi ò ṣàwàdà o. The SELinux Coloring Book ni wọ́n pè é. Ajá àti ológbò ló wà nínú ẹ̀: ológbò ń jẹ oúnjẹ ológbò, ajá ń jẹ oúnjẹ ajá, kernel ló ń fa ajá sẹ́yìn tó bá fẹ́ jẹ oúnjẹ ológbò. Ohun tí NSA kọ́, wọ́n fi ajá àti ológbò ṣàlàyé ẹ̀!

Ẹlòmíràn tún dá ojú ìwé kan sílẹ̀ lórí íntánẹ́ẹ̀tì, ó ní gbogbo ìgbà tẹ́ ẹ bá tẹ setenforce 0, Dan Walsh lẹ̀ ń pa lẹ́kún.

17.
Ẹ jẹ́ ká padà sí ọ̀dẹ̀dẹ̀ wa. Ní nǹkan bí 2009, Walsh àti àwọn ẹlẹgbẹ́ ẹ̀ ṣe ohun kan tí wọ́n pè ní sVirt. Virtual machine ni wọ́n ṣe é fún. Ìṣòro tí wọ́n fẹ́ yanjú ni pé: tí gbogbo àlejò bá wọ ańkárá kan náà, kí ló máa dá àlejò kan dúró kó má jí oúnjẹ ẹnì kejì ẹ̀?

Ìdáhùn wọn: fún oníkálukú ní nọ́ńbà méjì sára aṣọ ẹ̀. Nọ́ńbà 1,024 ló wà nílẹ̀. Tẹ́ ẹ bá ń mú méjì méjì nínú ẹ̀, oríṣi 523,776 lẹ máa rí. Aṣọ lè jọ ara wọn, nọ́ńbà ò ní jọra.

18.
Ní March 2013, Solomon Hykes gun orí ìtàgé ní PyCon ní California, ó fi ohun tuntun kan hàn fún ìṣẹ́jú díẹ̀. Docker lorúkọ ẹ̀. Gbogbo ohun tí LXC àti cgroups ń ṣe tẹ́lẹ̀ pẹ̀lú wàhálà, Docker fi àṣẹ kan ṣoṣo ṣe é. Ayé ya wèrè.

August ọdún yẹn, Walsh bẹ̀rẹ̀ sí í ṣáájú àwọn tó ń ṣe container ní Red Hat. Ẹni tó ti fi ọdún méjìlá rọ kọ́kọ́rọ́, àsìkò tó máa lò ó ló dé yìí.

19.
Ní June 2014, Docker 1.0 jáde. Oṣù yẹn kan náà ni Sebastian Krahmer gbé kóòdù kékeré kan síta, ó pè é ní shocker. Ẹni tó wà nínú container Docker àtijọ́ lè fi ka fáìlì ilé gan-an, títí kan /etc/shadow, ibi tí wọ́n ń tọ́jú password sí. Ará yàrá kẹta ti wà nínú yàrá baba onílé.

Ní oṣù kan náà Walsh sọ̀rọ̀ ní DockerCon. Ní July ó kọ ọ́ sílẹ̀. Kókó ọ̀rọ̀ ẹ̀ ni pé container kì í ká nǹkan mọ́. Wọ́n pè é ní container, ṣùgbọ́n kì í ṣe self-contain. Ẹ má kàn máa gbé software tẹ́ ò mọ bàbá ẹ̀ wọ inú ẹ̀, kí ẹ wá sọ pé ògiri wà níbẹ̀.

20.
Ó gba ìgboyà o. Gbogbo ayé ń jó, ìwọ lo wá sọ pé orí iná ni wọ́n ti ń jó. Ìyàtọ̀ ni pé kò sọ pé kí wọ́n má jó mọ́. Red Hat ti SELinux wọ inú Docker: gbogbo container wọ aṣọ kan tó ń jẹ́ container_t lóde òní, nọ́ńbà méjì wà lára aṣọ kọ̀ọ̀kan. Ohun tí wọ́n ṣe fún virtual machine ní 2009, wọ́n kàn tún un rán fún container ni.

21.
Ohun kan ṣì ń ká a lára. Ẹ rántí pé gbogbo face-me-I-face-you ló ní caretaker. Òun ló ń gba àlejò wọlé, òun ló ń tún ilẹ̀kùn ṣe, gbogbo kọ́kọ́rọ́ ló wà lọ́wọ́ ẹ̀. Docker náà ní caretaker. Daemon ni wọ́n ń pè é, root ló sì ń ṣiṣẹ́ bíi. Ojú fèrèsé tí wọ́n ti ń bá a sọ̀rọ̀ ni docker.sock. Ẹni tó bá lè dé ojú fèrèsé yẹn lè ní kó ṣí yàrá èyíkéyìí. Ó ti di root láìfọ́ ilẹ̀kùn kankan.

22.
Walsh àti àwọn ènìyàn ẹ̀ wá kọ́ Podman, tí ò ní caretaker rárá. Ẹni tó bá fẹ́ container, òun fúnra ẹ̀ ló máa ṣí i, pẹ̀lú agbára tiẹ̀ nìkan. Ẹ lè jẹ́ root nínú yàrá, kí ẹ má já mọ́ nǹkan kan lẹ́yìn ilẹ̀kùn. Nígbà tí Red Hat Enterprise Linux 8 jáde ní May 2019, Podman ló wà nínú ẹ̀, wọn ò kó Docker sí i mọ́. Walsh kọ ìwé kan nípa ẹ̀ lẹ́yìn náà, Podman in Action.

23.
Ẹ lè máa sọ pé, ta ló fẹ́ wá jí nǹkan nínú container wa? Ní February 2018, àwọn olùṣèwádìí ní RedLock rí i pé ojú ìdarí Kubernetes ti Tesla wà ní gbangba láìní password. Àwọn kan ti wọlé, wọ́n ń fi server ibẹ̀ wa crypto. Wọn ò bá mọ́tò wá. Iná ẹlòmíràn ni wọ́n bá wá, kí wọ́n lè fi dáná tiwọn.

24.
A ti dé ọjọ́ tí mo fẹ́ kẹ́ ẹ rántí: 11 February 2019.

Irinṣẹ́ kan wà tó ń jẹ́ runc. Docker ń lò ó, Podman lè lò ó, Kubernetes ń gbára lé e. Òun ni ìránṣẹ́ tó ń wọ yàrá kọ̀ọ̀kan lọ gbé nǹkan sílẹ̀. Ọkùnrin méjì, Adam Iwaniuk àti Borys Popławski, rí ihò kan nínú ẹ̀. Aleksa Sarai, ọ̀kan nínú àwọn tó ń tọ́jú runc, tó ń ṣiṣẹ́ ní SUSE, kéde ẹ̀ fáyé ní ọjọ́ yẹn. CVE-2019-5736 ni wọ́n sọ ọ́.

25.
Bó ṣe ń ṣiṣẹ́ rèé. Olè dúró jẹ́ẹ́ nínú yàrá ẹ̀. Ìránṣẹ́ wọlé. Kó tó jáde, olè ti dì í mú, ó ti pààrọ̀ ọpọlọ ẹ̀: ó kọ kóòdù tiẹ̀ sórí fáìlì runc gan-an tó wà lórí server. Nígbà míì tí wọ́n bá rán ìránṣẹ́ yẹn níṣẹ́ sí yàrá èyíkéyìí, iṣẹ́ olè ló máa jẹ́, agbára root ló sì fi ń jẹ́ ẹ. Google, Amazon, gbogbo wọn ló sáré lọ tún nǹkan ṣe.

26.
Ṣùgbọ́n níbi tí container ti wọ container_t, tí SELinux sì wà ní títàn, olè yẹn á dì mọ́ ìránṣẹ́, ọwọ́ ẹ̀ ò ní ràn án. Fáìlì runc wọ aṣọ tirẹ̀. Òfin ò sọ níbì kankan pé container_t lè kọ nǹkan sórí aṣọ yẹn. Kernel á ní rárá. Ó parí.

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ tún un kà. Ihò yẹn wà nínú software wọn náà. Kò sẹ́ni tó mọ̀ pé ó wà nígbà tí wọ́n ń kọ òfin. Aláǹgbá wọlé, kò rí nǹkan ṣe.

27.
Kí n má purọ́: kì í ṣe oògùn gbogboǹṣe. Ní Fedora, bí ẹ bá lo Docker tó wà nínú páálí moby-engine nígbà yẹn, container ò wọ aṣọ tó yẹ, SELinux ò sì gbà yín. Àti pé inú kernel ni SELinux fúnra ẹ̀ ń gbé. Tí ihò bá wà nínú kernel gan-an, ẹ̀ṣọ́ àti ilé lè jọ wó. Walsh nìkan kọ́ ló sì ṣe iṣẹ́ yìí, ọ̀pọ̀ ènìyàn ló ti gbé e láti ìgbà NSA.

28.
Ẹ jẹ́ kí n wá sọ tèmi.

Ní 2021 yẹn, áàpù kan wà tí ọ̀gá mi fẹ́ kó máa wo bí àwọn container yòókù ṣe ń ṣe sí. Áàpù yẹn nílò docker.sock. Mo gbé e fún un. "Permission denied." Mo tún un ṣe. "Permission denied." Mo lọ sórí íntánẹ́ẹ̀tì, ẹnì kan tí mi ò mọ̀ rí ní kí n tẹ setenforce 0. Mo tẹ̀ ẹ́. Mo tún lọ sínú fáìlì ìṣètò, mo kọ disabled síbẹ̀, kó má bàa padà wá.

29.
Mi ò mọ ohun tí mo ṣe. SELinux ń sọ fún mi pé container ò gbọ́dọ̀ dé ojú fèrèsé caretaker. Òun gan-an ni iṣẹ́ ẹ̀. Mo wá gbé ẹ̀ṣọ́ kúrò lẹ́nu ọ̀nà nítorí pé ó ń ṣọ́ ẹnu ọ̀nà.

Áàpù yẹn ní ihò àtijọ́ kan. Ẹnì kan gba ibẹ̀ wọlé, ó bá docker.sock níbẹ̀, ó ní kí caretaker ṣí àwọn container tuntun fún òun. Crypto ló ń wà. A ò mọ̀. Owó cloud oṣù yẹn ló sọ fún wa. Ó tó ìlọ́po mẹ́rin iye tí à ń san.

30.
Wọn ò lé mi. Ọ̀gá mi bi mí ní ìbéèrè kan ṣoṣo: "Ta ló pa á?" Mo ní, "Èmi ni sà." Ó dákẹ́ títí. Ìdákẹ́jẹ́ yẹn dùn mí ju kó bú mi lọ.

Alẹ́ ọjọ́ yẹn ni mo kọ́kọ́ rí orúkọ Dan Walsh. Mò ń wá ohun tí Permission denied yẹn ń sọ fún mi, mo bá a pé ọkùnrin yìí ti kọ ọ́ sílẹ̀ tipẹ́, docker.sock ni àpẹẹrẹ tó lò gan-an. Ó ti dáhùn ìbéèrè mi kí n tó mọ̀ pé mo ní ìbéèrè.

31.
Ìdí tí mo fi kọ thread yìí nìyí. Lórí app yìí, à ń gbọ́ "learn cloud ní oṣù mẹ́fà, gba dọ́là." Mi ò bú ẹnikẹ́ni, èmi náà ń wá dọ́là. Ṣùgbọ́n ẹ wo ọdún tó wà nínú ìtàn yìí: 2001, 2004, 2009, 2014, 2019. Ohun kan náà ni ọkùnrin yìí ń ṣe. Wọ́n pa á, ó tún un ṣe kó má ni wọ́n lára. Wọ́n tún pa á, ó fi ajá àti ológbò ṣàlàyé. Ayé sáré lọ sídìí Docker, ó gbé aṣọ àtijọ́ lọ bá wọn níbẹ̀.

32.
Àti pé iṣẹ́ tó dára jù tó ṣe, kò sẹ́ni tó rí i. Ní February 2019, àwọn server kan wà tí nǹkan kan ò lè ṣe, nítorí òfin kan tí ẹnì kan kọ tipẹ́tipẹ́. Àwọn tó ni wọ́n sùn dáadáa. Ọ̀pọ̀ nínú wọn ò mọ orúkọ ẹni tó ṣọ́ wọn. Báyìí ni iṣẹ́ ààbò ṣe máa ń rí: ọjọ́ tó bá ṣiṣẹ́ dáadáa, ìròyìn kankan ò ní sí.

33.
Níbi tí mo wà báyìí, wọ́n gbé ọ̀rọ̀ kan náà wá ní oṣù tó kọjá. Nǹkan ò ṣiṣẹ́, ẹnì kan nínú wa ní, "Ṣebí kẹ́ ẹ kàn pa SELinux." Mo ní ẹ fún mi ní wákàtí méjì. Mo ka log. Label tí kò tọ́ ló wà lára fódà kan. Lẹ́tà Z kan ṣoṣo ló kù tí mo fi sí ẹ̀yìn volume, Podman wọ aṣọ tó yẹ fún fódà yẹn, ó sì ṣiṣẹ́. Wákàtí kan ló gbà mí, mo fi ìkejì jẹun.

34.
Ẹ̀yin tí ẹ ní server, ẹ lọ tẹ getenforce báyìí. Tó bá sọ Enforcing, ẹ sinmi. Tó bá sọ Permissive tàbí Disabled, ẹ bi ara yín léèrè ẹni tó pa á, àti ohun tó ń sá fún lọ́jọ́ náà. Ẹ̀yin ará Ubuntu, AppArmor ni tiyín, aa-status lẹ máa tẹ̀.

Kí ẹ wá padà wá síbí sọ ohun tẹ́ ẹ bá níbẹ̀. Mi ò ní bú yín. Èmi náà pa á rí.